Páì Ọdún Tí Ọ̀rá Rẹ̀ Kò Pọ̀: Ẹ̀kọ́ Lórí Fatáyà àti Míìtì-Páì Ìtúnu Ààwẹ̀

Ní orúkọ Ọlọ́run, Àjọkẹ́ ayé, Àṣàkẹ́ ọ̀run. Ọpẹ́ ni fún Ọba tí ó dá oúnjẹ, tí ó sì dá ikùn tí yóò gbà á. Kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Ànábì Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn sàábé rẹ̀ lápapọ̀.

Ẹ̀kọ́ tí a gbé wá fún yín nínú ìwé ìròyìn ọdọọdún yìí kò jìnnà sí ilé ìdáná. Ó lè ya ẹlòmíràn lẹ́nu pé olùkọ́ kéú ń sọ̀rọ̀ fùláwà àti bọ́tà. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá kà á dé ìparí yóò rí i pé èdè Lárúbáwá wà nínú rẹ̀, ìṣirò wà nínú rẹ̀, ìlera ara sì wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú.

ÌDÍ TÍ A FI YAN Ẹ̀KỌ́ YÌÍ

Lẹ́yìn tí a bá ti gba ààwẹ̀ fún ọjọ́ 29 tàbí 30, tí a ti kírun ní Yídì, tí a sì padà sílé, àlejò a máa wọlé láti àárọ̀ títí di alẹ́. Láyé àtijọ́, ìrẹsì, àmàlà àti ẹran ni a mọ̀ mọ́ ọdún. Lóde òní, ọ̀pọ̀ ilé ni ó ń fi míìtì-páì, ṣin-ṣín àti pọ́fù-pọ́fù ṣe àlejò kí oúnjẹ gan-an tó dé. Kò sí ohun tí ó burú nínú rẹ̀. Ọjọ́ ìdùnnú ni ọjọ́ ọdún, a kì í sì í gba ààwẹ̀ ní ọjọ́ náà.

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni ó wà níbẹ̀. Láàárín àwọn tí à ń gbé tíréè páì síwájú wọn, àwọn àgbà wa wà tí ẹ̀jẹ̀ ríru ń bá fínra, àwọn mìíràn ní àtọ̀gbẹ, dókítà sì ti kìlọ̀ fún wọn pé kí wọ́n dín ọ̀rá àti iyọ̀ kù. Bí bàbá bá jẹ ẹ́, ara rẹ̀ lè má gbà á. Bí ó bá kọ̀ ọ́, yóò dàbí ẹni pé ó kọ ọwọ́ ọmọ rẹ̀ tí ó gbé oúnjẹ ọdún fún un. Ọ̀pọ̀ àgbà ni ó máa ń jẹ ẹ́ nítorí ojú àánú, tí wọn a sì fi ara gbà á lẹ́yìn ọdún. Nítorí náà ni a ṣe wá ọ̀nà tí a lè gbà ṣe páì tí bàbá àgbà àti ọmọ-ọmọ rẹ̀ yóò jọ mú nínú tíréè kan náà, láìsí pé a se oúnjẹ aláìsàn lọ́tọ̀.

KÍ NI ÌTUMỌ̀ FATÁYÀ?

Ẹ̀yin ọmọ kéú, ẹ mú gègé yín. Lẹ́tà mẹ́ta ni gbòǹgbò ọ̀rọ̀ yìí: ف ط ر. Ìpìlẹ̀ ìtumọ̀ rẹ̀ ni kí a la nǹkan tàbí kí nǹkan là. Inú gbòǹgbò yìí ni a ti rí fiṭr, tí í ṣe ṣíṣínu ààwẹ̀, òun ni ọdún Ìtúnu fi ń jẹ́ ʿĪdul-Fiṭr. Inú rẹ̀ náà ni ifṭār ti wá, oúnjẹ ìṣínu ìrọ̀lẹ́ tí gbogbo wa mọ̀. Inú rẹ̀ ni Zakātul-Fiṭr ti wá, jàká oúnjẹ tí a ń yọ kí a tó kírun ọdún. Fāṭir, orúkọ Súrà 35 nínú Àlùkùránì Alápọ̀n-ọ́nlé, gbòǹgbò kan náà ni. Ó ń tọ́ka sí Ọlọ́run tí ó pilẹ̀ ìṣẹ̀dá.

Faṭīr ni àwọn Lárúbáwá ń pe ìyẹ̀fun tí a pò, tí a kò sì dúró kí ó wú kí a tó yan án. Láti ibẹ̀ ni a ti dé orí فطيرة, faṭīra, tí í ṣe páì kan. Bí ó bá pọ̀, a ó pè é ní فطائر, faṭāʾir. Ọ̀rọ̀ ọ̀pọ̀ yìí ni ó di fatáyà lẹ́nu àwọn ènìyàn Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà. Ní ilẹ̀ Senegal, fataya ni wọ́n ń pè é, inú òróró gbígbóná ni wọ́n sì ti ń dín in. Ọ̀pọ̀ ìdílé Hausa ní Àríwá ilẹ̀ wa náà mọ orúkọ yìí.

Ṣùgbọ́n ní ilẹ̀ Síríà, Lẹ́bánónì, Palẹsitínì àti Jọ́dánì, yíyan ni wọ́n ń yan án. Wọ́n a fi yíìsì àti òróró díẹ̀ po ìyẹ̀fun náà bí ẹni ń po búrẹ́dì. Wọ́n a fi ẹ̀fọ́, ẹran tàbí wàràkàṣì sínú rẹ̀. Wọ́n a sì ká a ní onígun mẹ́ta. Nígbà tí kì í ṣe gbogbo ilé ni ó ní ààrò, ìyá ilé a máa gbé èlò tí ó ti sè lọ sí ilé oníbúrẹ́dì àdúgbò, tí wọ́n ń pè ní furn, kí wọ́n bá a yan án.

Míìtì-páì tiwa ní tirẹ̀, ọ̀dọ̀ àwọn òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì ni a ti kọ́ ọ. Bọ́tà púpọ̀ ni wọ́n fi ń po ìyẹ̀fun rẹ̀. Ẹran inú páì méjèèjì lè jẹ́ bákan náà. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín wọn, ara èèpo ni ó wà. Ibẹ̀ gan-an ni ẹ̀kọ́ wa ti bẹ̀rẹ̀.

IBO NI ỌRÁ PÁÌ TI Ń WÁ?

Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ẹran inú páì ni ó ń mú un wúwo nínú ikùn. Ẹ jẹ́ kí a fi ìṣirò wádìí rẹ̀.

Ìlànà tí ọ̀pọ̀ ilé ń tẹ̀lé ni kí a fi 500 gíráàmù bọ́tà po kílò fùláwà kan. Bọ́tà inú ike tí à ń rà lọ́jà sábà máa ń ní ọ̀rá tó 80 gíráàmù nínú gbogbo 100 gíráàmù (ẹ wo ara ike rẹ̀, wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀). Nítorí náà, ọ̀rá 400 gíráàmù ni a dà sínú fùláwà náà. Bí a bá gé e sí páì 20, 20 gíráàmù ọ̀rá ni ó wà nínú èèpo páì kọ̀ọ̀kan, kí a tó ka ẹran mọ́ ọn. Àlejò tí ó bá jẹ mẹ́ta ti jẹ 60 gíráàmù ọ̀rá láti inú èèpo nìkan, ìrẹsì ọdún kò sì tíì dé.

Gíráàmù ọ̀rá kan ń fún ara ní kálórì 9; gíráàmù sítáàṣì kan, bí èyí tí ó pọ̀ nínú fùláwà, ń fún un ní 4. Èyí ni pé ọ̀rá ju fùláwà lọ ní ìlọ́po méjì àti díẹ̀. Kò ṣe ibi nínú ara bí ó bá mọ níwọ̀n, ara kò tilẹ̀ lè ṣe kí ó má ní in. Àpọ̀jù rẹ̀ ni à ń sọ.

Bí a bá wá fi ṣíbí ìjẹun 6 òróró po kílò fùláwà kan náà, ọ̀rá inú rẹ̀ kò ní ju nǹkan bí 83 gíráàmù lọ. Ẹ pín in fún páì 20: ó lé díẹ̀ ní gíráàmù 4 fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Láti orí 20 bọ́ sí 4! Ẹni tí ó jẹ mẹ́ta báyìí kò tíì jẹ ọ̀rá tó èyí tí ó wà nínú èèpo ẹyọ kan ti tẹ́lẹ̀. A sì ti fi owó bọ́tà pamọ́ pẹ̀lú.

OHUN TÍ Ọ̀RÁ Ń ṢE, AFẸ́FẸ́ LÈ ṢE É

Ẹnì kan lè wí pé, “Ṣebí kí a kàn dín bọ́tà kù ni, kí ọ̀rọ̀ sì parí.” Rárá o. Ẹni tí ó bá dán an wò yóò yan páì tí ó le bí páákó. Ìdí rẹ̀ nìyí: nígbà tí omi bá kan fùláwà, tí a sì ń pò ó, okùn tín-tìn-tín kan a máa so pọ̀ nínú rẹ̀, òun ni ó ń jẹ́ kí ìyẹ̀fun náà máa nà bí rọ́bà. Bọ́tà púpọ̀ ni ó ń bo ara fùláwà tí okùn yìí kò fi lè so, òun ni páì fi ń fọ́ wẹ́wẹ́ lẹ́nu. Bí a bá yọ bọ́tà kúrò láìfi nǹkan mìíràn rọ́pò, okùn náà yóò so, páì yóò sì gan.

Yíìsì ni a ó fi rọ́pò rẹ̀. Ohun abẹ̀mí kékeré ni yíìsì. Ó ń jẹ ṣúgà inú ìyẹ̀fun, ó sì ń tú afẹ́fẹ́ jáde. Okùn tí à ń sá fún lẹ́ẹ̀kan ni yóò wá mú afẹ́fẹ́ náà dání bí ìgbà tí a fẹ́ bàlúù, ìyẹ̀fun yóò wú, èèpo páì yóò sì rọ̀. Rírọ̀ tí ọ̀rá ń fún páì, afẹ́fẹ́ ni ó ń fún un báyìí, afẹ́fẹ́ kò sì ní kálórì nínú.

Kí a má tan ara wa: páì yìí kì yóò fọ́ wẹ́wẹ́ bí ti bọ́tà. Rírọ̀ ni yóò rọ̀ bí búrẹ́dì tuntun. Ilé tí kò bá lè fi adùn bọ́tà sílẹ̀ lè gba ọ̀nà àárín: 300 gíráàmù bọ́tà sí kílò fùláwà kan, ṣíbí tíì méjì bekin-páúdà, omi tútù, kí a má pò ó pẹ́, kí a sì tẹ́ ẹ fẹ́lẹ́. Ọ̀rá rẹ̀ yóò jẹ́ gíráàmù 12 fún páì kan nínú 20. Èyí sàn ju 20 lọ, bí kò tilẹ̀ tó 4.

ÈLÒ FÚN PÁÌ 20

Èlò èèpo: Fùláwà kílò 1 (ẹni tí ó bá rí ìyẹ̀fun àlìkámà tí a lọ̀ tèèpo-tèèpo lè fi í rọ́pò ìdámẹ́rin rẹ̀), yíìsì ṣíbí ìjẹun 1, ṣúgà ṣíbí ìjẹun 1, iyọ̀ ṣíbí tíì 1 àti ààbọ̀, òróró ṣíbí ìjẹun 6, omi lílọ́wọ́ọ́rọ́ bí ìlàjì lítà, kí a sì ní díẹ̀ sí i nítòsí.

Èlò inú: Ẹran màlúù tí a lọ̀, tí a ti gé ọ̀rá ara rẹ̀ kúrò, 500 gíráàmù (ẹran adìẹ tí a bó awọ rẹ̀ tàbí ẹja tí a yọ egungun rẹ̀ lè rọ́pò rẹ̀), pòtétò 3 àti kárọ́ọ̀tì 4 tí a gé wẹ́wẹ́, àlùbọ́sà ńlá 3, ata, kọ́rì àti tàímù, kúùbù magí ẹyọ kan péré, fùláwà ṣíbí ìjẹun 1 tí a pò mọ́ omi díẹ̀. Ẹyin kan fún fífi kun orí rẹ̀.

Ẹ̀yin ọmọ kéú, ẹ kíyè sí i pé àlùbọ́sà àti àlìkámà wà nínú àwọn ọ̀rọ̀ tí ó ti inú èdè Lárúbáwá dé ọ̀dọ̀ wa: al-baṣal àti al-qamḥ. Èdè tí ẹ ń kọ́ ti wà nínú ìkòkò ìyá yín láti ọjọ́ tí ó ti pẹ́.

BÍ A ṢE Ń ṢE É

1. Ẹ da fùláwà, yíìsì, ṣúgà àti iyọ̀ pọ̀ sínú abọ́ ńlá. Ẹ da òróró sí i, kí ẹ sì máa bu omi sí i díẹ̀díẹ̀. Kí omi náà má gbóná ju èyí tí a lè ti ìka bọ̀ lọ, nítorí pé omi gbígbóná a máa pa yíìsì.

2. Ẹ pò ó fún ìṣẹ́jú 10 títí yóò fi dán, tí kò ní lẹ̀ mọ́ ọwọ́ mọ́. Ẹ fi aṣọ mímọ́ tí ó tutù díẹ̀ bò ó. Nínú ooru ilẹ̀ wa, yóò wú di ìlọ́po méjì láàárín wákàtí kan tàbí kí ó tilẹ̀ má tó bẹ́ẹ̀.

3. Nígbà tí ó bá ń wú lọ, ẹ gbé ẹran ka iná láìfi òróró sí i rárá; omi díẹ̀ tó. Ẹ ro ó kí ó má dì. Bí ọ̀rá bá léfòó, ẹ fi ṣíbí kó o dànù. Ẹ wá kó àlùbọ́sà, pòtétò, kárọ́ọ̀tì àti èlò tí ń ta sánsán sí i. Bí wọ́n bá ti rọ̀, ẹ da fùláwà tí ẹ pò mọ́ omi sí i kí ó lè ki. Ẹ jẹ́ kí ó tutù pátápátá: èlò gbígbóná tàbí olómi a máa sọ èèpo di ẹ̀kọ.

4. Ẹ pín ìyẹ̀fun náà sí 20. Ẹ rọ́ ọ róbótó, kí ẹ jẹ́ kí ó sinmi fún ìṣẹ́jú 10. Ẹ fi ìgò mímọ́ tẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan kí ó fẹ̀ tó àwo ife tíì. Ẹ bu ṣíbí ìjẹun méjì èlò sí àárín rẹ̀.

5. Ẹ ká a sí méjì, kí ẹ fi fọ́ọ̀kì tẹ etí rẹ̀; tàbí kí ẹ gbé etí rẹ̀ mẹ́ta sókè, kí ẹ fi ìka fún wọn pọ̀ ní àárín kí ó di onígun mẹ́ta bí ti àwọn ará Síríà. Ẹ fi fọ́ọ̀kì gún orí èyí tí ẹ ká sí méjì kí ooru lè rí ọ̀nà jáde. Ẹ fi ẹyin tí a lù kun orí rẹ̀.

6. Ẹ yan án nínú ófùnù tí ó ti gbóná dé 200 lórí ìwọ̀n Celsius, fún nǹkan bí ìṣẹ́jú 20, títí orí rẹ̀ yóò fi pọ́n.

ILÉ TÍ KÒ NÍ ÓFÙNÙ

Kí ẹnikẹ́ni má torí àìní ófùnù padà sídìí dídín. Oúnjẹ tí a rì sínú òróró a máa fa òróró mu, gbogbo ìṣirò wa a sì di òfo. Ẹ wá ìkòkò irin ńlá tí kò ní ọwọ́ ike, kí ẹ da yanrìn gbígbẹ sínú rẹ̀ kí ó jìn tó ìka méjì. Ẹ gbé òkúta mẹ́ta tàbí agolo òfìfo sí orí yanrìn, ẹ dé e, kí ẹ sì gbé e ka iná fún ìṣẹ́jú 15. Lẹ́yìn náà, ẹ gbé páànù tí páì wà nínú rẹ̀ lé orí òkúta náà, ẹ dé e, kí ẹ kó ẹyinná èédú díẹ̀ lé orí ọmọrí kí orí páì lè pọ́n. Ìṣẹ́jú 25 sí 30 yóò tó o. Ìta gbangba ni kí a ti ṣe é, kí àwọn ọmọdé má sì sún mọ́ ọn.

Bí oníbúrẹ́dì bá wà ní àdúgbò, ẹ bi í bóyá yóò gbà kí ẹ gbé páànù yín sínú ààrò rẹ̀ lẹ́yìn tí ó bá ti kó búrẹ́dì jáde. Bí àwọn ìyá ilé Síríà ṣe ń ṣe é nìyẹn.

ÈYÍ TÍ KÒ NÍ ẸRAN

Fatáyà ẹlẹ́fọ̀ọ́ ni ó gbajúmọ̀ jù ní Lẹ́bánónì àti Síríà. Ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ tiwa lè ṣe iṣẹ́ náà. Ẹ bọ̀ ọ́ fẹ́ẹ́rẹ́, ẹ fún omi rẹ̀ dànù dáadáa, ẹ rẹ́ ẹ wẹ́wẹ́, kí ẹ pò ó mọ́ àlùbọ́sà, ata, ṣíbí òróró kan, iyọ̀ ìwọ̀nba àti omi ọsàn wẹ́wẹ́. Kíkan ọsàn náà kì í jẹ́ kí ẹnu wá iyọ̀ púpọ̀.

A mẹ́nu kan iyọ̀. Àjọ Ìlera Àgbáyé gba àgbàlagbà nímọ̀ràn pé kí iyọ̀ tí ó ń jẹ lójúmọ́ má tó gíráàmù 5, ìyẹn bí ṣíbí tíì kan, kí a ka ti inú kúùbù, búrẹ́dì àti ọbẹ̀ mọ́ ọn. Ìdí nìyí tí a fi ní kúùbù ẹyọ kan péré. Àlùbọ́sà, ata àti tàímù ni kí a jẹ́ kí wọ́n fa adùn rẹ̀.

ÀSÌKÒ TÍ Ó YẸ KÍ A ṢE É

Oṣù lè lé ní alẹ́ ọjọ́ 29, ó sì lè di 30. Nítorí náà, kí a ti ra èlò gbígbẹ sílẹ̀, ṣùgbọ́n kí a má lọ ẹran títí a ó fi gbọ́ pé oṣù ti lé. Ilé tí ó ní fíríìjì lè se èlò inú rẹ̀ lálẹ́, kí wọ́n po ìyẹ̀fun pẹ̀lú ìlàjì yíìsì, kí wọ́n sì kó méjèèjì sí fíríìjì di àárọ̀. Ilé tí kò ní fíríìjì, tàbí tí iná kò dúró sí, kí wọ́n se èlò náà lẹ́yìn ìrun ọdún. Kí ẹran sísè má sun ìta mọ́jú, nítorí àìsàn inú. Kí páì má sì gba àsìkò Yídì mọ́ ìyá ilé lọ́wọ́: súnnà ni kí a jẹ dàbínù kí a tó jáde lọ kírun Ìtúnu, kò sì sí ẹni tí yóò bi wá pé páì dà ní àárọ̀ ọjọ́ náà. Kí ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin jọ ṣe iṣẹ́ náà.

ÌKÌLỌ̀

Páì tí ọ̀rá rẹ̀ kò pọ̀ kì í ṣe páì tí a lè jẹ mẹ́wàá. Fùláwà ṣì ni, fùláwà a sì máa di ṣúgà nínú ara. Nítorí náà, alátọ̀gbẹ kò gbọ́dọ̀ kọjá ìwọ̀n tí dókítà rẹ̀ fún un. A lè gé páì sí 30 dípò 20, kí ẹyọ kan lè ṣe déédéé ìwọ̀n rẹ̀. Nínú Suratul-Aʿrāf, àyà 31, Ọlọ́run yọ̀ǹda jíjẹ àti mímu fún wa, Ó sì kọ àṣejù fún wa nínú méjèèjì. Àwọn àgbà wa náà sì máa ń wí pé ọ̀nà ọ̀fun ni ọ̀nà ọ̀run.

Bọ́tà tí a kò rà, ẹ jẹ́ kí owó rẹ̀ di sàráà. Kí a yan páì díẹ̀ sí i fún aládùúgbò wa, mùsùlùmí àti ẹni tí kì í ṣe mùsùlùmí, àti fún ọmọ òrukàn tí kò sí ẹni tí yóò yan án fún.

ÌBÉÈRÈ FÚN ÀWỌN ỌMỌ ILÉ-KÉÚ

1. Dárúkọ ọ̀rọ̀ Lárúbáwá mẹ́rin tí ó wá láti inú gbòǹgbò ف ط ر, kí o sì sọ ìtumọ̀ wọn.
2. Kí ni ọ̀rọ̀ ẹyọ fún faṭāʾir?
3. Bí a bá fi 300 gíráàmù bọ́tà po kílò fùláwà kan, tí a sì gé e sí páì 24, gíráàmù ọ̀rá mélòó ni yóò wà nínú èèpo páì kan?
4. Èéṣe tí páì fi ń le bí a bá dín bọ́tà kù láìfi nǹkan rọ́pò rẹ̀?
5. Béèrè lọ́wọ́ àgbà kan nínú ilé yín irú oúnjẹ tí dókítà ní kí ó dín kù. Kọ ọ́ sílẹ̀, kí o sì jíròrò pẹ̀lú ìyá rẹ bí ẹ ó ṣe se é fún un lọ́jọ́ ọdún.

Kí Ọlọ́run Ọba gba ààwẹ̀ wa àti ìrun wa. Kí Ó fi àlùbáríkà sí oúnjẹ wa, kí Ó fún àwọn àgbà wa ní àlàáfíà, kí Ó sì jẹ́ kí a jọ ṣe ọ̀pọ̀ ọdún láyé nídìí tíréè kan náà. Àmín.